Télọ̀ Tó Máa Ń Di Ọrùn-Ọwọ́ Mú

Ọjọ́ kẹrin, oṣù kejì

Bàbá mi,

Ẹ kú ilé, ẹ kú iṣẹ́, ẹ kú ojú lọ́nà. Mo mọ̀ pé ẹ ti ń bínú kí lẹ́tà yìí tó dé, nítorí náà mo dọ̀bálẹ̀ kí n tó bẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀. Oṣù mẹ́rin tí n kò kọ̀wé, kì í ṣe pé mo gbàgbé yín. Mò ń dúró de ìròyìn tó tó kọ ni, ó sì ti dé báyìí.

Wọ́n ti fún mi ní ṣọ́ọ̀bù.

Kì í ṣe ṣọ́ọ̀bù gidi o. Ọdún kọkàndínlógún rèé tí mo ti ń ṣe eré orí tẹlifíṣọ̀n níhìn-ín, ẹ sì mọ irú ipò tí mo wà: èmi ni wọ́n máa ń pè bí wọ́n bá ń wá ẹni tí yóò ṣí ilẹ̀kùn fún ẹni tí eré dá lé lórí. Mo ti ṣe dókítà tó wá sọ pé àìsàn náà ti wọra, mo ti ṣe ọlọ́pàá tó ń béèrè bóyá ẹnikẹ́ni gbọ́ ariwo, mo ti ṣe awakọ̀ tí kò yíjú padà. Gbólóhùn méjì, mẹ́ta, lẹ́yìn náà màá bọ́ aṣọ wọn sílẹ̀, màá wọ bọ́ọ̀sì lọ sílé. Ṣùgbọ́n eré tuntun kan ti bẹ̀rẹ̀, nípa àwọn ará òpópónà kan, èmi ni télọ̀ tó wà ní igun òpópónà náà. Odindi ọdún kan ni wọ́n bá mi fọwọ́ sí.

Ògiri mẹ́ta ni ṣọ́ọ̀bù náà ní. Níbi tó yẹ kí ìkẹrin wà, kámẹ́rà ló wà níbẹ̀, pẹ̀lú àwọn èèyàn tí wọ́n jókòó sínú òkùnkùn bí ẹni tó ń wo àlá ẹlòmíràn. Fèrèsé kan wà tó kọjú sí ojú ọ̀run tí wọ́n fi ọ̀dà kùn. Aago mẹ́rin ìrọ̀lẹ́ ni níbẹ̀ láti àárọ̀ títí a ó fi ṣíwọ́. Bí mo bá jáde síta tí mo rí i pé òjò ń rọ̀, ó máa ń yà mí lẹ́nu. Nígbà mìíràn mo máa ń jí nílé, màá tẹjú mọ́ fèrèsé yàrá mi, màá máa dúró kí n rí i bóyá ìkùukùu yóò rìn.

Ní ọjọ́ àkọ́kọ́, olùdarí eré bi mí bóyá mo lè fi òwú sínú abẹ́rẹ́. Èmi ọmọ télọ̀, mo rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú mi.

Yóò dé orí tẹlifíṣọ̀n yín ní oṣù karùn-ún. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ wò ó. Ohun kan wà níbẹ̀ tí mo mú láti ara yín, n kò ní sọ ọ́. Bí ẹ bá rí i, ẹ ó mọ̀ ọ́n. Ẹ̀bùn mi ni.

Ẹ bá mi kí ẹ̀gbọ́n mi. Ẹ sọ fún un pé n kò tíì sanra.

Èmi ọmọ yín,
Jígí


Ọjọ́ kọkànlélógún, oṣù kẹta

Jígí ọmọ mi,

Mo rí lẹ́tà rẹ gbà. Ara mi le, ẹ̀gbọ́n rẹ wà, òrùlé ṣì ń jò níbi tó ti ń jò nígbà tí o lọ. O ní o dọ̀bálẹ̀. Ẹni tó dọ̀bálẹ̀ láti òkè òkun, ta ló rí àyà rẹ̀ nílẹ̀? Ọdún kẹfà rèé tí o ti wálé kẹ́yìn. Má bínú pé mo fi ìyẹn ṣáájú, ohun tó pọ̀ nínú ló máa ń kọ́kọ́ bọ́ sẹ́nu.

Inú mi dùn sí ọ̀rọ̀ ṣọ́ọ̀bù yìí. Mi ò ní parọ́ fún ọ, àwọn iṣẹ́ rẹ àtẹ̀yìnwá máa ń dà mí láàmú. Lọ́dún tó kọjá, o kú sínú ọkọ̀ ojú omi lọ́jọ́ Ajé, nígbà tó di Ọjọ́bọ̀ o ti wà ní ìkànnì mìíràn tí ò ń wọn ẹ̀jẹ̀ ríru aláìsàn. Akọ̀wé báńkì, oníbàárà mi tó ti fẹ̀yìn tì, bi mí bóyá ìbejì ni yín. Mo ní ọ̀kan ṣoṣo ni ọ́, pé ẹni tó kú lọ́jọ́ Ajé tó sì padà síṣẹ́ lọ́jọ́bọ̀, kì í ṣe ọ̀lẹ. Ní ti ìgbà tí o ṣe akọ̀wé adájọ́, ẹni tó rán kọ́là yẹn gan-an ló yẹ kí wọ́n gbé lọ sẹ́wọ̀n.

Níwọ̀n ìgbà tí o ti wá di télọ̀, gbọ́ tèmi. Má di sísọ́ọ̀sì mú bí ẹni di ṣíbí mú. Píìnì mẹ́ta ni kí o fi sẹ́nu. Ẹni tó bá fi mẹ́rin sẹ́nu, àṣehàn ló ń ṣe. Téèpù, ọrùn ni ilé rẹ̀, kì í gbé inú àpò. Bí oníbàárà bá ń sọ̀rọ̀ nígbà tí ò ń wọ̀n ọ́n, jẹ́ kó sọ ọ́ tán. Ẹni tó ń sọ̀rọ̀ kì í rántí fa ikùn sínú.

Mo ti gbé tẹlifíṣọ̀n sórí kọ́bọ́ọ̀dù nínú ṣọ́ọ̀bù. Ìyá Olùkọ́ ní òun á wá máa wò ó níbí. O rántí rẹ̀, ọ̀gá iléèwé yín tó nà ọ́ nítorí pé ò ń sín ìrìn rẹ̀ jẹ, tó tún ní kí o rìn ín lẹ́ẹ̀kan sí i kí òun rí i dáadáa. Òun ló sọ ọ́ ní Jígí.

Fi abẹ́rẹ́ kékeré ránṣẹ́ sí mi, èyí tí kì í dípẹtà, àti bọ́tìnnì dúdú olójú mẹ́rin.

Mo lá àlá rẹ lọ́sẹ̀ tó kọjá. Ò ń rán aṣọ kan tó ní apá mẹ́ta. Mo bi ọ́ pé ta ló ni ín. O ní ẹni náà ń bọ̀ lọ́nà.

Èmi bàbá rẹ


Ọjọ́ kẹsàn-án, oṣù kẹfà

Ọmọ mi,

Mi ò ní kí ọ pẹ́. Mo ti rí ẹ̀bùn rẹ.

Èèyàn mẹ́fà ló wà nínú ṣọ́ọ̀bù lọ́jọ́ náà. Opó kan wọlé tọ̀ ọ́ wá nínú eré náà, ó fẹ́ rán aṣọ ọ̀fọ̀. Téèpù wà lọ́rùn rẹ, píìnì mẹ́ta wà lẹ́nu rẹ, orí mi ń wú. Lẹ́yìn náà, kí o tó wọn apá rẹ̀, o fi ọwọ́ òsì di ọrùn-ọwọ́ rẹ̀ mú, o dúró bẹ́ẹ̀ fún ìṣẹ́jú kan gbáko. Akọ̀wé báńkì pàtẹ́wọ́, ó ní, "Bàbá Télọ̀, ẹ̀yin gan-an rèé!" Gbogbo wọn rẹ́rìn-ín. Nígbà tí ẹ̀rín tán, gbogbo wọn wo ọwọ́ mi.

Ta ló sọ fún ọ? Ọgbọ̀n ọdún ni ọwọ́ ọ̀tún mi ti ń gbọ̀n. Ìyá rẹ kú, kò mọ̀. Bí ọwọ́ náà bá rí ohun tó fara tì, bíi tábìlì tàbí ara maṣíìnì, á dákẹ́ jẹ́ẹ́. Bó bá wà ní òfuurufú, á máa gbọ̀n bí ewé. Ìdí tí mo fi ń di oníbàárà mú nìyẹn. Màá fi òsì di ọrùn-ọwọ́ rẹ̀, màá gbé ọ̀tún lé e, á sì dúró. Wọ́n rò pé bí mo ṣe ń wọn èèyàn nìyẹn. Ibi tí mo sá pamọ́ sí láti ọgbọ̀n ọdún, ibẹ̀ lo gbé kámẹ́rà lọ.

Ọmọ tó bá rí ìhòòhò baba rẹ̀, aṣọ ló yẹ kó wá. Ìwọ lọ wá iná tó mọ́lẹ̀ sí i.

Láti ọjọ́ náà, bí ẹnikẹ́ni bá na apá sí mi, ìka mi ló máa ń wò. Obìnrin kan ti wá kó aṣọ tí mi ò tíì gé, ó ní kò kánjú mọ́. Télọ̀ tí wọ́n bá ti ń ṣiyèméjì nípa ọwọ́ rẹ̀, ta ni yóò gbé aṣọ fún un gé? Bí o bá ṣì ń pè mí ní bàbá, jáwọ́ nínú nǹkan náà. Má fi abẹ́rẹ́ ránṣẹ́ mọ́.

Bàbá rẹ


Ọjọ́ keje, oṣù keje

Bàbá mi,

Mo kí yín tẹ̀rùtẹ̀rù. Mo ka lẹ́tà yín lórí ìdúró níwájú àpótí lẹ́tà, mo tún kà á nínú bọ́ọ̀sì títí mo fi kọjá ibi tó yẹ kí n bọ́ sí.

N kò mọ̀. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ gba ìyẹn gbọ́, ìyókù yóò rọrùn. N kò rí i rí pé ọwọ́ yín ń gbọ̀n. Inú lẹ́tà yín ni mo ti kọ́kọ́ gbọ́ ọ. Aṣọ tó bò yín, ẹ̀yin lẹ ká a kúrò, Bàbá. Ọwọ́ mi kò sí níbẹ̀.

Ohun tí mo rò nìyí. Láti ìgbà tí mo ti wọ iléèwé girama ni mo ti máa ń jókòó sẹ́yìn tábìlì ìgéṣọ tí mò ń wò yín. Èèyàn yóò wọlé pẹ̀lú gbogbo ariwo òde lára rẹ̀, ẹ ó di ọrùn-ọwọ́ rẹ̀ mú, ẹ kò ní sọ nǹkan kan títí èémí rẹ̀ yóò fi balẹ̀. Mo rò pé bí ẹ ṣe ń kí wọn nìyẹn. Ẹ kì í ṣe ẹni tí ń sọ̀rọ̀ púpọ̀. Mo rò pé ibẹ̀ ni ẹ kó ìfẹ́ yín pamọ́ sí.

Nígbà tí wọ́n fún mi ní télọ̀ yìí, gbólóhùn mẹ́rin ló ní, n kò mọ irú èèyàn tó jẹ́. Wọ́n ní kí opó náà na apá rẹ̀, ọwọ́ òsì mi dá lọ fúnra rẹ̀. Ẹni tó ń ṣe opó gbàgbé ohun tó yẹ kó sọ, ojú rẹ̀ kún fún omi. Kò sẹ́ni tó ní ká dúró. Nígbà tí a ṣe é tán, olùdarí ní kí n máa ṣe ohun tí mo ṣe yẹn lọ. Láti ìgbà náà, gbogbo ará òpópónà náà ló fẹ́ rán aṣọ, títí kan ẹni tó ń ṣe olè.

Màá sọ fún un pé n kò ṣe é mọ́. Ẹ fọkàn balẹ̀.

Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí n bi yín ní ohun kan. Ní àárọ̀ ọjọ́ tí mò ń lọ, ẹ ní kí n wọ kóòtù ìrìn-àjò mi kí ẹ tún apá rẹ̀ wọ̀n. Ẹ di ọrùn-ọwọ́ mi mú. Awakọ̀ fọn fèrè lẹ́ẹ̀mejì, ẹ kò fi mí sílẹ̀. Ọdún mọ́kànlélógún ni mo ti ń gbé lórí ìdìmú yẹn. Bí nǹkan bá le, mo máa ń fi ọwọ́ kejì di ojú ibẹ̀ mú. Ṣé nítorí pé ọwọ́ yín ń gbọ̀n náà nìyẹn?

Ọmọ yín


Ọjọ́ kejìlá, oṣù kẹsàn-án

Bàbá mi,

Ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta. Mo máa ń ṣí àpótí lẹ́tà lẹ́ẹ̀mejì lójúmọ́, bí ẹni pé ó lè hu nǹkan jáde láàárín ọ̀sán.

Mo ti jáwọ́. Mo sọ fún olùdarí pé ọ̀rọ̀ ẹbí ni, kó má bi mí jù bẹ́ẹ̀ lọ. Kò bínú. Ó kàn wò mí, ó ní, "Nígbà náà, kí ni télọ̀ yìí wà fún?" Láti ìgbà náà ni ọ̀rọ̀ mi ti ń dínkù. Mẹ́rin di méjì. Lọ́sẹ̀ tó kọjá, ohun tí mo sọ kò ju "Ó di Ọjọ́bọ̀" lọ.

Ní ọjọ́ tí mo kọ́kọ́ wọn èèyàn láìdì í mú, mo na téèpù sí i ní òfuurufú, lábẹ́ ojú ọ̀run wa tí kì í ṣú. Bàbá, ọwọ́ mi bẹ̀rẹ̀ sí í gbọ̀n. Ọwọ́ tèmi. Mò ń wò ó bí ẹni pé ẹ̀yin lẹ wà nínú apá aṣọ mi.

Mo fi abẹ́rẹ́ ránṣẹ́ bí ẹ tilẹ̀ ní kí n má fi ránṣẹ́. Ìbéèrè mi ṣì wà nílẹ̀. Bí kò bá wù yín, ẹ má dáhùn.

Ọmọ yín


Ọjọ́ kẹwàá, oṣù kẹwàá

Jígí, aláìsanra,

Èmi ẹ̀gbọ́n rẹ ni mò ń kọ ọ́. Má tíì dúpẹ́, mo wá bá ọ jà ni.

Bàbá kò kọ̀wé, kò sì ní òun ò ní kọ ọ́. Ó ka lẹ́tà rẹ méjèèjì, ó tò wọ́n sábẹ́ áyọ́ọ̀nù tútù. Mo bi í pé kí ló ń dúró dè, ó ní òun ń wá ọ̀rọ̀. Aago mẹ́wàá ló ń ṣí ṣọ́ọ̀bù báyìí, ọ̀sán kì í tíì pọ́n tó ti tì í. Aṣọ ẹni kan wà lórí tábìlì láti ọ̀sẹ̀ mẹ́ta, kò gé e. Ó kàn ń fi àtẹ́lẹwọ́ tẹ́ ẹ, bí ẹni ń fọwọ́ pa ọmọ lẹ́yìn kó lè sùn.

Mo bínú sí ọ, mo bínú sí òun náà, mo wá bínú sí ara mi. Èmi tí mò ń bu omi fún un lójoojúmọ́, n kò ṣàkíyèsí pé ọwọ́ òsì ló fi ń gba ife.

Ó ti kọjú tẹlifíṣọ̀n sí ògiri tẹ́lẹ̀. Ìyá Olùkọ́ ló fi ọ̀pá rẹ̀ yí i padà. Ó ní òun ti sanwó búláòsì, òun á wo ohun tó bá wu òun. Apá eré náà tí o ti ń wọn èèyàn bí ẹni ń wọn ògiri ti bẹ̀rẹ̀ sí í dé ọ̀dọ̀ wa báyìí. Ìyá Olùkọ́ wò ó títí, ó ní, "Ta ló ṣẹ ọkùnrin yìí?" Bàbá tẹ maṣíìnì lé ọ̀rọ̀ náà lórí, kò sì sí aṣọ lábẹ́ abẹ́rẹ́.

Má bi í ní ìbéèrè kankan mọ́. O mọ̀ ọ́n. Bí o bá lé e, á sá. Bí o bá jókòó, á wá jókòó tì ọ́.

Ẹ̀gbọ́n rẹ


Ọjọ́ kejìdínlọ́gbọ̀n, oṣù kọkànlá

Ọmọ mi,

Ṣé dáadáa lo wà? Ìgbà mẹ́rin ni mo ti bẹ̀rẹ̀ lẹ́tà yìí. Abẹ́rẹ́ dé, wọ́n dára.

Mo gbà pé o kò mọ̀. Èmi ni mo fi ẹnu ara mi sọ ohun tí mo ti ń fi ọwọ́ bò. Jẹ́ kí n sọ bó ṣe lọ.

Ọjọ́ Àbámẹ́ta ni. Ò ń wọn ọkọ ìyàwó kan nínú eré náà, ọwọ́ rẹ wà ní òfuurufú. Ìyá Olùkọ́ béèrè pé kí ni àwọn èèyàn fi ṣe télọ̀ yìí tí kì í fi í fọwọ́ kàn wọ́n mọ́. Akọ̀wé báńkì ní bóyá wọ́n ti gé owó oṣù rẹ̀. Wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í jiyàn. Mi ò lè fara dà á. Mo gbé sísọ́ọ̀sì sílẹ̀, mo ní èmi ni mo ní kó má ṣe é mọ́, mo sì sọ ìdí rẹ̀. Mo na ọwọ́ ọ̀tún mi sókè, mo jẹ́ kó gbọ̀n bó ṣe wù ú.

Akọ̀wé báńkì ló kọ́kọ́ sọ̀rọ̀. Ó ní, "Bàbá Télọ̀, ta ni kò mọ̀? Ọdún mẹ́wàá ni kọ́là mi ti ń wo ọ̀tún. Ṣé ẹ rò pé afẹ́fẹ́ ló ń fẹ́ ẹ ni?" Mo bi í pé kí ló dé tí wọ́n wá ń wo ìka mi láti oṣù kẹfà. Ó ní ojú mi ti le láti ọjọ́ náà, wọ́n sì ń wò ó bóyá màá ṣì di àwọn mú. Obìnrin tó kó aṣọ rẹ̀ lọ ńkọ́? Ó ní ìgbéyàwó tó fẹ́ wọ̀ ọ́ lọ ló tú ká.

Ìyá Olùkọ́ ti ká apá búláòsì rẹ̀ sókè. Ó jù mí lọ, o mọ̀ pé kì í fọ̀rọ̀ sábẹ́ ahọ́n. Ó ní, "Télọ̀, láti ọdún tí ọkọ mi ti kú, kò sẹ́ni tó ń fọwọ́ kàn mí àfi ìwọ, lẹ́ẹ̀mẹrin lọ́dún. Ṣé o rò pé mo nílò búláòsì tó pọ̀ tó yẹn ni?"

Ọgbọ̀n ọdún ni mo ti rò pé èmi ni mò ń fara ti wọn. Àwòrán rẹ ń rìn lókè kọ́bọ́ọ̀dù, fún ìgbà díẹ̀ mi ò mọ inú èwo nínú ṣọ́ọ̀bù méjèèjì ni mo wà.

Lọ bá olùdarí rẹ. Sọ fún un pé bàbá rẹ ní kí o máa di wọ́n mú. Má jẹ́ kó pẹ́.

Bàbá rẹ


Ọjọ́ kẹfà, oṣù kìíní

Bàbá mi,

Ẹ kú ọdún, ẹ kú ìyèdún. Mo ka lẹ́tà yín, mo rẹ́rìn-ín, lẹ́yìn náà mo jókòó sórí àtẹ̀gùn fún ìgbà pípẹ́.

Ó ti pẹ́ jù. Wọ́n ti tú ṣọ́ọ̀bù náà palẹ̀ kí ọ̀rọ̀ yín tó dé. Nínú ìtàn, télọ̀ ta ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ ó sì kó lọ sọ́dọ̀ ẹ̀gbọ́n rẹ̀, ẹ ó rí i láìpẹ́. Mo wà níbi oúnjẹ ọ̀sán nígbà tí ọkùnrin méjì gbé ojú ọ̀run wa kọjá ní ìbú. Wọ́n ní kí n fún àwọn lọ́nà.

Mo ti padà sídìí ilẹ̀kùn ṣíṣí. Lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀, ẹ̀ṣọ́ òtẹ́ẹ̀lì ni mí, ọ̀rọ̀ mi ni, "Ẹ wọlé, wọ́n ti ń retí yín." Ẹ má káàánú mi. Lánàá, ìyá àgbà kan tí n kò mọ̀ rí jókòó tì mí nínú bọ́ọ̀sì. Ó wo ojú mi dáadáa, ó sì na apá rẹ̀ sí mi. Mo dì í mú títí a fi dé ibi tó ń lọ.

N kò ní iṣẹ́ ní ọ̀sẹ̀ méjì àkọ́kọ́ oṣù kẹta. Mò ń bọ̀ wálé. Ẹ̀gbọ́n mi ní kí n má béèrè ohunkóhun mọ́, n kò sì béèrè.

Ọmọ yín


Ọjọ́ kejì, oṣù kejì

Jígí ọmọ mi,

Máa bọ̀. Ẹ̀gbọ́n rẹ ti ń gbá yàrá rẹ láti àná bí ẹni tó sọ nǹkan nù síbẹ̀. A rí i nígbà tí o ti ilẹ̀kùn ṣọ́ọ̀bù náà. Ọjọ́ méjì ni Ìyá Olùkọ́ fi bínú sí tẹlifíṣọ̀n mi. Aṣọ méje ló wà lórí tábìlì báyìí. Àárọ̀ ni mo máa ń gé wọn, nígbà tí ọwọ́ ṣì ń gbọ́ràn.

Ìbéèrè tí o kò béèrè mọ́ yẹn, mo ti ń gbé e kiri láti oṣù keje. O ní orí ìdìmú yẹn lo ń gbé, nítorí náà mi ò fẹ́ fi ìkánjú dáhùn. Ọwọ́ mi gbọ̀n ní àárọ̀ ọjọ́ náà. Ó gbọ̀n ju ti ìgbàkígbà lọ, àti òsì àti ọ̀tún. Ṣùgbọ́n kóòtù yẹn, ó ti tó ọjọ́ mẹ́ta tí mo ti rán an tán, mo ti lọ̀ ọ́, mo ti fi kọ́ ara ògiri. Kò sí ohun tí mò ń wọ̀n.

Bàbá rẹ